Láti Dublin dé Cork: Àkọsílẹ̀ Ìrìn-àjò Nídìí Àwọn Ìwé Ìtàn Írẹ́lándì

Ó ti pẹ́ tí mo ti ń ka ìwé nípa ìtàn Írẹ́lándì, àṣà rẹ̀ àti ìgbé ayé àwọn ènìyàn rẹ̀. Ohun tí mo ṣàkíyèsí ni pé àwọn tí ó wọ̀ mí lára jù nínú wọn ni èyí tí ẹni tí ó kọ ọ́ fi ìbẹ̀rù kọ, ìbẹ̀rù pé bí òun kò bá kọ ọ́ sílẹ̀, ìtàn náà yóò bá àwọn àgbà wọ ilẹ̀ lọ. Mo wá fẹ́ fi ojú ara mi rí ibi tí wọ́n ti kọ irú ìwé bẹ́ẹ̀, ibi tí wọ́n ti jó wọn, àti ibi tí wọ́n tọ́jú wọn sí. Àbúrò mi obìnrin, tí ó ń ṣiṣẹ́ nọ́ọ̀sì ní Dublin, gba ìsinmi lẹ́nu iṣẹ́ kí ó lè fi ọkọ̀ rẹ̀ gbé mi kiri. Ọmọ rẹ̀, Àdùnní, bá wa lọ nítorí pé ilé-ẹ̀kọ́ wà ní ìsinmi. Dublin ni wọ́n bí ọmọ náà sí, ó sì ń kọ́ Gaeilge, èdè àbínibí ilẹ̀ náà, ní ilé-ẹ̀kọ́ rẹ̀.

Ọjọ́ Ajé, Dublin

Trinity College ni a kọ́kọ́ lọ, yunifásítì tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ọdún 1592. Ìwé tí èrò ń tò lọ wò níbẹ̀ ni Book of Kells, ìwé Ìhìn Rere mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ní èdè Látìn, tí àwọn mọ́ńkì fi ọwọ́ kọ sórí awọ ọmọ màlúù ní nǹkan bí ọdún 800. Ewé 340 ni ó kù nínú rẹ̀. Ó ṣeé ṣe kí ó jẹ́ pé erékùṣù Iona ní Scotland ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ náà, kí àwọn Viking, ajagun orí òkun láti àríwá Yúróòpù, tó pa mọ́ńkì 68 níbẹ̀ ní ọdún 806, tí àwọn tó kù fi sá wá sí Kells ní Írẹ́lándì. Ní ọdún 1007, olè gbé e lọ. Nígbà tí wọ́n padà rí i lẹ́yìn oṣù méjì ó lé, wọ́n ti ṣí wúrà kúrò lára rẹ̀, wọ́n sì ti fi ebè koríko bò ó mọ́lẹ̀. Bí ó ti lẹ́wà tó, ohun tí ó yà mí lẹ́nu jù nípa rẹ̀ ni pé ó ṣì wà.

Lókè ibẹ̀ ni gbọ̀ngàn tí wọ́n ń pè ní Long Room wà, tí gígùn rẹ̀ tó mítà 65. Nígbà tí ìwé kún un dé òrùlé, wọ́n gbé òrùlé náà sókè ní ọdún 1860 kí àyè lè gba sí i. Nǹkan bí 200,000 ìwé ni ó máa ń wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ní ọdún 2022 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí kó wọn kúrò díẹ̀díẹ̀ láti nù wọ́n, kí wọ́n sì tún ilé náà ṣe nítorí ewu iná. Àwọn arìnrìn-àjò kan ń kùn pé pẹpẹ ṣófo. Ní tèmi, inú mi dùn sí pẹpẹ òfìfo náà ju bí ì bá ti dùn sí pẹpẹ tí ó kún lọ, nítorí pé ẹni tí iná ti jó ìwé rẹ̀ rí ni ó mọ ìdí tí a fi ń ṣe irú wàhálà bẹ́ẹ̀. Mo ń bọ̀ wá sórí ọ̀rọ̀ iná náà.

Ní òpópónà Dawson, tí kò jìnnà sí ibẹ̀, ni Royal Irish Academy wà, ẹgbẹ́ àwọn ọ̀mọ̀wé tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ọdún 1785. Wọ́n ń tọ́jú ìwé Sáàmù kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Cathach, ọ̀kan nínú àwọn ìwé àfọwọ́kọ tí ó pẹ́ jù lọ ní Írẹ́lándì. Ìtàn àtẹnudẹ́nu sọ pé Columba mímọ́ ni ó dà á kọ ní ìkọ̀kọ̀ láti inú ìwé mọ́ńkì kan tí ń jẹ́ Finnian, pé Finnian gbé ẹjọ́ náà lọ sí iwájú ọba Diarmait, ọba sì dájọ́ pé bí màlúù ti ni ọmọ rẹ̀ ni ìwé ṣe ni ẹ̀dà rẹ̀. Columba kò gba ìdájọ́ náà, ogun sì ṣẹlẹ̀ ní Cúl Dreimhne ní nǹkan bí ọdún 561.

Àbúrò mi ní, “Bọ̀ọ̀dá mi, wọ́n jà títí dójú ikú nítorí ìwé?” Mo dá a lóhùn pé bí ìtàn ṣe wí nìyẹn, àti pé orílẹ̀-èdè tí ó bá ń sọ irú ìtàn yìí fún àwọn ọmọ rẹ̀ ti sọ ohun púpọ̀ nípa ara rẹ̀.

Ní òpópónà kan náà ni ilé ìtàwé Hodges Figgis wà, tí ó ti ń tàwé láti ọdún 1768. Mo pẹ́ níbẹ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ ìtàn Írẹ́lándì láti ọ̀rúndún kẹtàdínlógún títí di ìgbà tiwa yóò bá Modern Ireland pàdé, ìwé tí R. F. Foster gbé jáde ní ọdún 1988. Ìmọ̀ inú rẹ̀ jinlẹ̀, ṣùgbọ́n ó gbà pé òǹkàwé ti mọ ìtàn náà tẹ́lẹ̀, kò sì yẹ kí a fi bẹ̀rẹ̀. Ìwé J. J. Lee lórí ọdún 1912 sí 1985, tí ó jáde ní 1989, ń béèrè ìdí tí Írẹ́lándì kò fi rìn jìnnà lẹ́yìn òmìnira bí àwọn orílẹ̀-èdè kéékèèké mìíràn ní Yúróòpù ti rìn. Ọmọ Nàìjíríà yóò dá ìbéèrè náà mọ̀. Bí ó bá jẹ́ èmi ni ẹnìkan bi, ìwé Fintan O'Toole tí ó jáde ní 2021, We Don't Know Ourselves, ni mo máa ní kí ó kọ́kọ́ kà. Ọdún 1958 tí wọ́n bí i ni ó ti bẹ̀rẹ̀, ó sì fi ìgbésí ayé ara rẹ̀ ṣàlàyé bí ilẹ̀ tí àwọn ọ̀dọ́ ń sá kúrò níbẹ̀, tí ṣọ́ọ̀ṣì sì ń pàṣẹ fún, ṣe di ilẹ̀ tí àwọn ènìyàn ń ṣí wá.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, Dublin

Marsh's Library wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ kàtídírà St Patrick's, níbi tí Jonathan Swift ti ṣe olórí àlùfáà láti ọdún 1713 títí ó fi kú ní 1745. Bíṣọ́ọ̀bù àgbà Narcissus Marsh ni ó dá a sílẹ̀ ní ọdún 1707, òun sì ni ilé-ìkàwé àkọ́kọ́ tí wọ́n ṣí sílẹ̀ fún gbogbo ènìyàn ní Írẹ́lándì. Àwọn àgò onígi mẹ́ta wà níbẹ̀ tí wọ́n fi wáyà dí lójú. Inú wọn ni wọ́n máa ń ti òǹkàwé mọ́ nígbà náà kí ó má baà gbé ìwé sá lọ. Ní ọdún 1916, nígbà Ìdìde Ọjọ́ Àjíǹde, ìjà tí àwọn tí ń wá òmìnira gbé dìde sí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì, ọta ìbọn wọ inú ilé náà, ojú ọgbẹ́ rẹ̀ sì wà lára àwọn ìwé kan títí di òní.

Láti ibẹ̀ a rìn lọ sí etí odò Liffey, sí Four Courts. Ilé ẹjọ́ ni, ó sì ń ṣiṣẹ́ lọ́wọ́, ẹni tí kò bá mọ ìtàn kò ní mọ̀ pé nǹkan kan ṣẹlẹ̀ níbẹ̀. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ni wọ́n ti ń kó àkọsílẹ̀ ìjọba pamọ́, ìwé ilẹ̀, ìwé ẹjọ́, ìwé ìhágún, àwọn mìíràn láti ọ̀rúndún kẹtàlá. Nígbà tí ogun abẹ́lé bẹ̀rẹ̀ ní oṣù Kẹfà ọdún 1922, àwọn tí kò fara mọ́ àdéhùn òmìnira pẹ̀lú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ti gba ibẹ̀, ọmọ ogun ìjọba tuntun sì ń yìnbọn ńlá lù wọ́n. Ní ọjọ́ 30 oṣù náà, ilé àkójọ náà bú gbàmù, iná jó o, àjákù ìwé sì ń fò káàkiri ìlú. Àkọsílẹ̀ ìkànìyàn ọdún 1821, 1831, 1841 àti 1851 jóná fẹ́rẹ̀ẹ́ tán. Ti 1861 àti 1871, ìjọba fúnra rẹ̀ ni ó ti pàṣẹ tẹ́lẹ̀ pé kí wọ́n run wọ́n. Ti 1881 àti 1891, wọ́n lọ̀ wọ́n ṣe bébà nígbà ogun àgbáyé kìíní. Nítorí náà, àkọsílẹ̀ ìkànìyàn tí ó pé tí ó pẹ́ jù níbẹ̀ ni ti 1901.

Mo dúró lórí ọ̀rọ̀ yìí nítorí pé kò sí ìwé ìtàn Írẹ́lándì tí ó lè yé ènìyàn dáadáa bí kò bá mọ̀ ọ́n. Ohun tí ó jẹ́ kí àwọn onítàn ibẹ̀ máa wá inú lẹ́tà, ìwé ìdílé onílẹ̀, ìwé ìrìbọmi àti ẹnu àgbà kiri nìyẹn. Lọ́dún 2022, ní ìrántí ọgọ́rùn-ún ọdún iná náà, àwọn ọ̀mọ̀wé tí Trinity ṣíwájú wọn ṣí àkójọ kan sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Wọ́n ń kó àwọn ẹ̀dà ohun tí ó jóná jọ sínú rẹ̀ láti ilé-ìkàwé káàkiri ayé. Ìwé tí Herbert Wood, òṣìṣẹ́ ilé àkójọ náà, tẹ̀ jáde ní ọdún 1919 ni wọ́n fi mọ ohun tí ó sọnù, nítorí pé ó ti to gbogbo ohun tí ó wà níbẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ ní ọdún mẹ́ta péré ṣáájú iná.

Ọjọ́rú, Belfield

University College Dublin ni àkójọ ìtàn àtẹnudẹ́nu orílẹ̀-èdè náà wà. Ní ọdún 1935, ìjọba dá Ìgbìmọ̀ Ìtàn Ìbílẹ̀ sílẹ̀, Séamus Ó Duilearga sì ni olórí rẹ̀. Wọ́n rán àwọn olùkójọ lọ sí abúlé àti erékùṣù pẹ̀lú ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ tí ó ń kọ ohùn sára ìda. Wọ́n á jókòó ti àwọn àgbà, wọ́n á gba ìtàn sílẹ̀, lẹ́yìn náà wọ́n á kọ ọ́ sínú ìwé ní ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan. Owó kò tó, ìda wọ́n. Nígbà tí wọ́n bá kọ ọ́ tán, wọn a fá ojú ìda náà láti tún un lò. Ohùn púpọ̀ ti ipa bẹ́ẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kò lọ.

Ètò tí mo wá wò gan-an ni ti ọdún 1937 sí 1939. Àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ bí 50,000, láti ilé-ẹ̀kọ́ bí 5,000, ni wọ́n rán padà sílé pé kí wọ́n bi bàbá àgbà àti ìyá àgbà wọn léèrè ohun tí wọ́n mọ̀: oògùn ìbílẹ̀, àlọ́, eré, orúkọ pápá, àmì òjò, ìtàn ìyàn, ìtàn àwọn tí ó kọjá lọ sí Amẹ́ríkà. Ohun tí wọ́n kó wá tó nǹkan bí ojú ìwé 740,000. Ó ti wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì báyìí, ní ìfọwọ́kọ àwọn ọmọ náà gan-an. Àdùnní jókòó tì í fún ìgbà pípẹ́, ó ń kà á sókè fún ìyá rẹ̀ ní Gaeilge, ó sì ń túmọ̀ rẹ̀ fún wa sí Yorùbá tí ó dà pọ̀ mọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Mi ò rí ètò ìwádìí ìtàn tí ó wù mí tó èyí rí. Àwọn ọmọdé ni wọ́n fi iṣẹ́ onítàn lé lọ́wọ́, wọ́n sì ṣe é.

Ọjọ́bọ̀, Strokestown

Ní agbègbè Roscommon ni ilé ńlá Strokestown Park wà, níbi tí wọ́n ṣí ilé ìṣẹ̀ǹbáyé Ìyàn Ńlá sí ní ọdún 1994. Àrùn kan ni ó mú pòtétò ní 1845, pòtétò sì ni oúnjẹ tí àwọn aláìní gbẹ́kẹ̀ lé. Títí di 1852, nǹkan bí mílíọ̀nù kan ènìyàn ti kú, àwọn tí ó ju mílíọ̀nù kan lọ sì ti fi ilẹ̀ náà sílẹ̀. Ní 1841, àwọn ará Írẹ́lándì tó mílíọ̀nù 8.2. Ní 1851, wọ́n ti dín kù sí mílíọ̀nù 6.5. Ọkọ̀ ojú omi ń gbé ọkà àti ẹran jáde kúrò ní ilẹ̀ náà ní gbogbo àkókò yìí.

Denis Mahon ni onílẹ̀ Strokestown nígbà náà. Ní 1847, ó sanwó ọkọ̀ fún 1,490 lára àwọn tí ń dáko lórí ilẹ̀ rẹ̀ kí wọ́n lè kúrò níbẹ̀. Wọ́n fi ẹsẹ̀ rìn dé Dublin, wọ́n kọjá sí Liverpool, wọ́n sì wọ ọkọ̀ lọ sí Quebec ní Kánádà. Púpọ̀ nínú wọn kò dé ibẹ̀ láàyè. Ní oṣù Kọkànlá ọdún náà, wọ́n yìnbọn pa Mahon. A mọ gbogbo èyí dáadáa nítorí pé ìwé ìdílé náà ṣì wà nínú ilé nígbà tí wọ́n tà á. Ẹ̀bẹ̀ àwọn ebi ń pa wà níbẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìwé ìṣirò owó ilẹ̀, mo sì gbà pé bí wọ́n ṣe wà papọ̀ yìí kọ́ ènìyàn ju orí ìwé mélòó kan lọ.

Lórí ìyàn náà, The Great Hunger tí Cecil Woodham-Smith kọ ní 1962 ni àwọn ènìyàn kà jù. Àwọn onítàn bá a wí pé ó di ẹ̀bi púpọ̀ jù lé Charles Trevelyan, òṣìṣẹ́ àgbà ní ilé ìṣúra London, lórí. Ìbáwí náà ní ìdí, síbẹ̀ òun ni ó jẹ́ kí àwọn tí kì í ka ìwé ìtàn ka ìtàn yìí. Cormac Ó Gráda, onímọ̀ ọrọ̀ ajé, ni mo fọkàn tán jù. Ìwé rẹ̀ Black '47 and Beyond jáde ní 1999. Kò fi ìṣirò sílẹ̀, kò sì fi ẹnu àwọn àgbà sílẹ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ gbọ́ ohùn àwọn àgbà náà láìsí alágbàsọ kí ó wá Famine Echoes tí Cathal Póirtéir kó jọ ní 1995 láti inú àkójọ Belfield tí a lọ lánàá.

Ọjọ́ Ẹtì, lójú ọ̀nà

A wakọ̀ láti Roscommon lọ sí gúúsù títí dé Dingle. Mo jókòó sẹ́yìn, mo ń ka Foras Feasa ar Éirinn, ìtàn Írẹ́lándì tí Seathrún Céitinn, fadá láti Tipperary tí ó kẹ́kọ̀ọ́ ní Faransé, parí ní nǹkan bí ọdún 1634. Inú ń bí i. Ó ní àwọn Gẹ̀ẹ́sì tí ó kọ̀wé nípa Írẹ́lándì ń ṣe bí yímíyímí, tí ó fò kọjá gbogbo òdòdó oko tí ó sì lọ ń yí ìgbẹ́. Wọ́n fi ọwọ́ da ìwé náà kọ láti ìran dé ìran; láàárín 1902 sí 1914 ni ẹgbẹ́ Irish Texts Society tó tẹ̀ ẹ́ jáde pátá. Bí mo ti ń kà á ni mo ń rántí Àlùfáà Samuel Johnson ní Ọ̀yọ́, tí ó parí ìtàn àwọn Yorùbá ní 1897 nítorí pé ó rí i pé àwọn àgbà ń kú tán. Ìwé tí ó kọ́kọ́ kọ sọnù lọ́wọ́ àwọn atẹ̀wé. Lẹ́yìn ikú rẹ̀ ni àbúrò rẹ̀, Dókítà Obadiah Johnson, tún un kọ láti inú àkọsílẹ̀ tí ó kù, tí ó fi jáde ní 1921. Iṣẹ́ kan náà ni Céitinn àti Samuel Johnson ṣe.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, Dún Chaoin

Òkun ru lónìí, ọkọ̀ ojú omi kò lọ sí erékùṣù, a sì dúró ní èbúté Dún Chaoin, à ń wo Blascaod Mór ní iwájú wa. Àwọn tí ń gbé ibẹ̀ kò fi ìgbà kan tó igba. Ẹja ni wọ́n ń pa, àgùntàn ni wọ́n ń sìn, Gaeilge ni wọ́n ń sọ. Láti ibẹ̀ ni ìwé mẹ́ta ti jáde láàárín ọdún mẹ́jọ: An tOileánach ti Tomás Ó Criomhthain ní 1929, Fiche Blian ag Fás ti Muiris Ó Súilleabháin ní 1933, àti Peig ti Peig Sayers ní 1936.

Apẹja ni Tomás. Brian Ó Ceallaigh, ẹni tí ó wá kọ́ èdè lọ́dọ̀ rẹ̀, ni ó rọ̀ ọ́ pé kí ó kọ ìgbésí ayé rẹ̀, ó sì ń ka ìwé àwọn òǹkọ̀wé ilẹ̀ mìíràn, bí i Gorky ará Rọ́ṣíà, sí i létí kí ó lè rí i pé ìgbé ayé tálákà tó ohun tí a ń kọ sínú ìwé. Peig Sayers kò lè kọ Gaeilge sílẹ̀. Ọmọ rẹ̀ Mícheál ni ó kọ ọ́ bí ìyá rẹ̀ ti ń sọ ọ́. Wọ́n sọ ìwé náà di dandan fún àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún, púpọ̀ nínú wọn sì kórìíra rẹ̀ nítorí ìdánwò. Ó dùn mí, nítorí pé ẹni tí ó bá tún un kà ní àgbà yóò bá obìnrin kan pàdé tí ó sin ọmọ rẹ̀, tí ó sì ń bá a lọ láti máa tọ́jú ilé.

Tomás kọ ọ́ pé òun ń kọ̀wé nítorí pé irú àwọn kò tún ní sí mọ́. Ó rí i tọ́. Ilé-ẹ̀kọ́ erékùṣù náà tì ní 1941. Ní ìbẹ̀rẹ̀ 1947, ọ̀dọ́mọkùnrin kan kú sí ibẹ̀ nígbà tí ìjì kò jẹ́ kí dókítà tàbí fadá lè dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ní oṣù Kẹrin ọdún yẹn kan náà, wọ́n fi wáyà ránṣẹ́ sí olórí ìjọba, Éamon de Valera, pé ìjì ti sé àwọn mọ́lé, kò sí oúnjẹ. Ní 1953, ìjọba kó àwọn 22 tí ó kù wá sí orí ilẹ̀. Nínú ilé ìṣẹ̀ǹbáyé tí ó wà ní etí òkun náà, Àdùnní ka ìbẹ̀rẹ̀ ìwé Tomás sókè. Obìnrin àgbà kan tí ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ dúró gbọ́, ó sì bá ọmọ náà sọ̀rọ̀ ní Gaeilge títí, wọ́n ń bi ara wọn léèrè ọ̀rọ̀. Àbúrò mi kò lè fi ayọ̀ rẹ̀ pamọ́.

Ọjọ́ Àìkú, Guagán Barra

Kì í ṣe iná ogun nìkan ni ó ba ìwé jẹ́ ní Írẹ́lándì. Òfin ọdún 1929 fún ìgbìmọ̀ kan lágbára láti fi òfin de ìwé, wọ́n sì fi de ìwé púpọ̀ nínú ti àwọn ọmọ ilẹ̀ náà fúnra wọn. Edna O'Brien rí ti rẹ̀ ní 1960. John McGahern rí ti rẹ̀ ní 1965, iṣẹ́ olùkọ́ sì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n èyí tí ó mú wa wá sí etí adágún yìí ni The Tailor and Ansty, tí Eric Cross gbé jáde ní 1942. Ọ̀rọ̀ ẹnu téélọ̀ àgbà kan, Tadhg Ó Buachalla, àti ìyàwó rẹ̀ ni ó kún inú rẹ̀, bí wọ́n ti ń gba àlejò lálejò lẹ́gbẹ̀ẹ́ iná. Wọ́n ní ìwà àìmọ́ ni ó wà nínú rẹ̀, wọ́n sì fi òfin dè é. Àwọn aṣòfin àgbà fi ọjọ́ mẹ́rin jiyàn lórí rẹ̀. Àwọn fadá mẹ́ta wá sí ilé arúgbó náà, wọ́n sì mú un kúnlẹ̀ kí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ ju ìwé náà sínú iná.

A rí ibojì rẹ̀ nínú ilẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì. Seamus Murphy, agbẹ́kùúta Cork, ni ó gbẹ́ òkúta rẹ̀. Kristẹni ni mí, ọ̀rọ̀ yìí sì dùn mí púpọ̀. Ìjọba tí ó ń rán olùkójọ lọ sí abúlé láti gba ọ̀rọ̀ àwọn àgbà sílẹ̀ ni ó fi òfin de ọ̀rọ̀ àgbà kan náà nígbà tí ó di ìwé tí ènìyàn lè rà.

Ọjọ́ Ajé, Cork

Ní òpópónà Blackrock ni ilé àwọn míṣọ́nnárì SMA (Society of African Missions) ti Írẹ́lándì wà, àwọn fadá tí ọ̀pọ̀ ará Èkó àti Ìbàdàn mọ̀ dáadáa. Kevin Carroll jẹ́ ọ̀kan nínú wọn. Láti 1947, ní Ọ̀yẹ́-Èkìtì, òun àti Fadá Sean O'Mahony kó àwọn agbẹ́gilére Yorùbá jọ, wọ́n ní kí wọ́n gbẹ́ ère ìtàn Bíbélì ní ọ̀nà tí bàbá wọn gbà ń gbẹ́ ère. Bándélé ọmọ Àrẹògún láti Ọ̀sì wà níbẹ̀, òun ni ó sì kọ́ Lámidì Fákéye níṣẹ́. Ìwé Carroll, Yoruba Religious Carving, jáde ní 1967. Àwọn fọ́tò àti àkọsílẹ̀ rẹ̀ wà lára ohun tí ẹgbẹ́ náà ń tọ́jú ní Cork. Inú pẹpẹ ìtàn Yorùbá ni mo ti máa ń rí ìwé náà. Lẹ́yìn ìrìn yìí, mo rò pé ó yẹ kí ó wà lórí pẹpẹ Írẹ́lándì pẹ̀lú, nítorí pé ẹni tí wọ́n fi ìtàn Írẹ́lándì tọ́ ni ó mọ̀ pé kí òun jókòó ti agbẹ́gilére, kí òun sì kọ orúkọ rẹ̀, ti ọ̀gá rẹ̀ àti ti ìlú rẹ̀ sílẹ̀, nígbà tí àwọn mìíràn ń kó ère lọ láìbéèrè ẹni tí ó gbẹ́ ẹ.

Lọ́sàn-án, a yà sí ilé ìtàwé kan ní àárín ìlú. Mo ra ìwé Carroll tí wọ́n ti lò rí fún ara mi. Àbúrò mi mú Don't Touch My Hair ti Emma Dabiri, tí a bí ní Dublin fún bàbá Yorùbá, tí ó jáde ní 2019 tí ó sì sọ̀rọ̀ nípa irun dídì àti nípa dídàgbà ní Írẹ́lándì pẹ̀lú àwọ̀ dúdú. Àdùnní ní òun fẹ́ An tOileánach ní Gaeilge, kì í ṣe ìtumọ̀ rẹ̀, a sì rà á fún un.